Láti Agége dé Adágún Ọyán: Ìrìn Ọjọ́ Kan

Ọ̀rọ̀ ìgbafẹ́ ni mo gbé wá lónìí fún ẹ̀yin olùgbọ́ wa ní Agége, Ìkẹjà, Ògbà, Ìfákò àti gbogbo àdúgbò tó yí wọn ká, ìgbafẹ́ tó ní ẹ̀kọ́ nínú: bí ìdílé kan, tàbí àwọn tó jọ ń ṣiṣẹ́, ṣe lè ṣátà ọkọ̀ tiwọn, kí wọ́n lọ wo òkè àti adágún omi, kí wọ́n sì padà sùn sílé lọ́jọ́ kan náà.

Ọ̀pọ̀ wa gbà pé òkè ńlá àti adágún jẹ́ ohun tí à ń wò nínú fíìmù, tàbí ohun tí olówó ń wọ bàálù lọ wò nílùú òyìnbó. Bẹ́ẹ̀, àpáta Olúmọ ní Abẹ́òkúta kò tó 100 kìlómítà sí Agége. Adágún Ọyán kò sì ju nǹkan bí 20 kìlómítà lọ sí Abẹ́òkúta. Ọmọ tí wọ́n bí sí àdúgbò Ọbá Àkrán tàbí Pẹ́ẹ̀nì Sinimá lè dàgbà, kó níyàwó, kó bímọ, láì fojú kan ọ̀kankan nínú méjèèjì. Èyí dùn mí, nítorí pé ohun tí à ń lò lójoojúmọ́ ní àgbègbè ilé iṣẹ́ wa yìí, ọ̀nà ibẹ̀ ló ti ń wá. Símẹ́ǹtì inú ògiri wa wà lójú ọ̀nà náà. Omi ẹ̀rọ wa ń tọ̀ ọ́ bọ̀. Ojú irin tó sọ Agége di ọjà ńlá gba ibẹ̀ kọjá. Ẹni tó bá rin ọ̀nà yìí pẹ̀lú ojú tó là, yóò mọ ìdí ilé ara rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ sọ bí a ó ṣe débẹ̀. Ọ̀nà méjì ló wà. Èkíní ni ọkọ̀ ojú irin. Ní oṣù March 1896 ni ìjọba amúnisìn bẹ̀rẹ̀ sí í la ojú irin àtijọ́ láti Èkó, ní oṣù March 1901 ni wọ́n sì ṣí i dé Ìbàdàn. Òun ló ń kó obì Agége lọ sí òkè Ọya nígbà náà, òun ló jẹ́ kí àwọn oníṣòwò láti ibi gbogbo wá tẹ̀dó sí Agége. Ojú irin tuntun tí à ń wọ̀ lónìí, tó gùn ní kìlómítà 157 láti Èkó dé Ìbàdàn, Ààrẹ Muhammadu Buhari ló ṣí i ní June 10, 2021. Ibùdókọ̀ Agége wà lára rẹ̀, wọ́n sọ ọ́ lórúkọ Babátúndé Fáṣọlá. Ti Abẹ́òkúta ni wọ́n fi sọrí Ọ̀jọ̀gbọ́n Wọlé Ṣóyínká, ọmọ bíbí ìlú náà. Ṣùgbọ́n Láderín, lẹ́yìn ìlú, ni ibùdókọ̀ Abẹ́òkúta wà, torí náà ẹ ó tún wọ takisí tàbí kẹ̀kẹ́ Màrúwá kí ẹ tó dé Olúmọ. Ọkọ̀ ojú irin kì í sì í lọ ní gbogbo wákàtí. Ẹ béèrè àkókò àlọ àti ti àbọ̀ pọ̀ kí ẹ tó ra tíkẹ́ẹ̀tì.

Ọ̀nà kejì ni kí ẹ ṣátà bọ́ọ̀sì. Òun ni mo fara mọ́ fún ẹni tó bá fẹ́ dé adágún, nítorí ojú irin kò débẹ̀. Bí ọkọ̀ bá jẹ́ tiyín fún ọjọ́ náà, ibi tó bá wù yín lẹ ó ti dúró. Màmá àgbà á rí àyè na ẹsẹ̀, ìyá ọmọ á rí àyè fún ọmọ lọ́mú, kò sì sí kọ̀ńdọ́ tí yóò máa kánjú yín. Àmọ́ ẹ bá dírẹ́bà sọ ọ́ yanjú kí ẹ tó gbéra. Ta ni yóò ra epo? Ṣé owó tó pè kan àbọ̀? Títí di aago mélòó ni yóò fi dúró dè yín? Bí mọ́tò bá bàjẹ́ lọ́nà ńkọ́? Ẹ kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ kí ẹ tó san àsansílẹ̀. Ní ọjọ́ tó ṣíwájú ìrìn náà, ẹ lọ wo ọkọ̀ fúnra yín ní ojúmọmọ. Táyà tó ti pá kò yẹ fún irú ọ̀nà bẹ́ẹ̀. Ẹ wo bẹ́líìtì ìjókòó, ẹ wo bóyá táyà àfidípò wà, kí ẹ sì ní nọ́ńbà àwọn ẹ̀ṣọ́ ojú pópó lórí fóònù: 122 ni, ọ̀fẹ́ sì ni ìpè náà.

Bó bá fi máa di aago mẹ́fà àárọ̀, kí ẹ ti wà lójú ọ̀nà, kí súnkẹrẹ-fàkẹrẹ Abúlé Ẹ̀gbá àti Sángo tó dí. Láti ibẹ̀, Ifọ̀ ló kàn, lẹ́yìn náà Pápálántó, Ewékorò àti Ìtòrì. Ẹ̀kọ́ ọjọ́ náà ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ẹ sọ fún àwọn ọmọ kí wọ́n máa wo ilẹ̀.

Ní Agége, iyanrìn àti ilẹ̀ pupa la tẹ̀ mọ́lẹ̀. Bí a bá gbẹ́ kànga, a kì í bá àpáta pàdé. Bí a bá dé Ewékorò, ilẹ̀ ti yàtọ̀. Òkúta funfun tí wọ́n ń lọ̀ ṣe símẹ́ǹtì ló wà nísàlẹ̀. Òkun ló bí òkúta yẹn. Ó ti lé ní mílíọ̀nù 50 ọdún tí omi òkun bo gbogbo àgbègbè náà. Ìkarahun àwọn ẹ̀dá inú omi ń já sí ìsàlẹ̀ òkun, wọ́n ń gun orí ara wọn, ẹrù tó wà lórí wọn ń tẹ̀ wọ́n, títí wọ́n fi le di òkúta. Títí dòní, àwọn tó ń wa òkúta níbẹ̀ ṣì ń rí ìkarahun nínú rẹ̀, ní ibi tí èèyàn kò ti lè gbọ́ ariwo òkun mọ́.

Ní ìparí ọdún 1960 ni ilé iṣẹ́ símẹ́ǹtì Ewékorò bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Àkókò yẹn náà ni àgbègbè ilé iṣẹ́ Ìkẹjà ń dìde lábẹ́ ìjọba Ẹkùn Ìwọ̀ Oòrùn. Ní 1962 ni Guinness ṣí ilé iṣẹ́ ọtí rẹ̀ ní Ìkẹjà. Ilé iṣẹ́ ń pọ̀, ilé àwọn òṣìṣẹ́ náà ń pọ̀ ní Agége àti Ògbà, símẹ́ǹtì sì ni gbogbo wọn ń jẹ. Nítorí náà, ọmọ tó ń fi ọwọ́ kan ògiri ilé wọn ní Agége, ó lè jẹ́ pé ìkarahun inú òkun ayé àtijọ́ ló fọwọ́ kàn yẹn.

Bí ẹ bá ti kọjá Ìtòrì, tí ẹ ń sún mọ́ Abẹ́òkúta, àpáta yóò bẹ̀rẹ̀ sí í yọrí láàárín oko àti láàárín ilé. Òkúta gíráníìtì nìyí, ó sì dàgbà ju ti Ewékorò lọ fíìfíì. Ó lé ní mílíọ̀nù 500 ọdún. Nísàlẹ̀ ilẹ̀ lọ́hùn-ún ló ti bẹ̀rẹ̀, nígbà tó ṣì yọ́, tó gbóná janjan. Ó tutù díẹ̀díẹ̀, ó sì le koránkorán. Ilẹ̀ tó bò ó ni òjò àti ẹ̀fúùfù wá ń ṣí kúrò, láti ìran dé ìran, títí orí àpáta fi hàn síta. Ibi tí àpáta ti lanu, omi ń gba ibẹ̀ wọlé, ó ń jẹ ẹ́, àpáta sì ń pín sí wẹ́wẹ́. Bí àwọn ihò àti àlàfo abẹ́ òkúta ṣe ń wáyé nìyẹn.

Irú ihò bẹ́ẹ̀ ló gba àwọn Ẹ̀gbá là. Nígbà tí ogun fọ́ àwọn ìlú wọn, tí gbígbé ní Ìbàdàn kò rọrùn fún wọn mọ́, Ṣódẹkẹ́, aṣáájú wọn, kó wọn wá sí abẹ́ Olúmọ ní 1830. Lábẹ́ àpáta náà ẹ ó rí àwọn kòtò róbótó tí wọ́n gbẹ́ sínú òkúta gan-an. Ibẹ̀ ni àwọn ìyá ti ń lọ nǹkan jíjẹ nígbà tí ogun ká wọn mọ́. Ẹ jẹ́ kí ọmọ yín ti ọwọ́ bọ ọ̀kan nínú wọn, kó fi ìka tọ inú rẹ̀ yípo. Ọwọ́ àwọn obìnrin tó ń wá bí ọmọ wọn yóò ṣe jẹun ló ṣe é. Mo gbà pé ohun tí ọmọ náà yóò kọ́ níbẹ̀ nípa ogun àti nípa ìyá, kò sí ìwé ìtàn tó lè fi kọ́ ọ tó bẹ́ẹ̀.

Orí Olúmọ ga ní mítà 137 sí ojú òkun. Àtẹ̀gùn wà, wọ́n sì fi ẹ̀rọ agbéniròkè kún un nígbà tí wọ́n tún ibẹ̀ ṣe ní 2006. Ẹ béèrè lẹ́nu géètì bóyá ó ń ṣiṣẹ́ lọ́jọ́ náà, pàápàá bí ẹ bá mú àgbàlagbà dání. Ẹ san owó ìwọlé, ẹ gba rìsíìtì, kí ẹ sì gba afinimọ̀nà ibẹ̀. Ojúbọ wà níbẹ̀, àwọn èèyàn sì ń bọ ọ́ títí dòní. Ohun yòówù kí ẹ̀sìn yín jẹ́, ẹ kí àwọn àgbà tí ẹ bá níbẹ̀ bó ṣe yẹ ká kí àgbà, ẹ tọrọ àyè kí ẹ tó ya fọ́tò, ibi tí wọ́n bá ní kí ẹ má wọ̀, ẹ má wọ̀ ọ́.

Láti òkè, gbogbo Abẹ́òkúta ló tẹ́ sílẹ̀ níwájú yín: páànù tó ti dípọn, ṣóńṣó ilé ìjọsìn, mọ́ṣáláṣí, àti Odò Ògùn tó ń ṣàn lọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìlú. Ní March 3, 1851, ọmọ ogun Dàhọ̀mì wá ja ìlú yìí, pẹ̀lú àwọn obìnrin jagunjagun wọn. Àwọn Ẹ̀gbá lé wọn padà. Wọ́n tún wá ní 1864, wọ́n tún padà lófo. Ní ìlú yìí náà ni míṣọ́nárì Henry Townsend ti gbé Ìwé Ìròyìn jáde ní 1859, ìwé ìròyìn àkọ́kọ́ ní èdè Yorùbá. Ẹ sọ ọ́ fún àwọn ọmọ lórí àpáta yẹn, níbi tí wọ́n ti ń fojú rí ìlú tí ọ̀rọ̀ náà kàn.

Nígbà tí ẹ bá sọ̀ kalẹ̀, Ìtòkú kò jìnnà. Àwọn aládìrẹ wà níbẹ̀ pẹ̀lú aṣọ wọn. Ẹ dúró ti ọ̀kan, kí ẹ ní kó ṣàlàyé bí wọ́n ṣe ń di aṣọ ní oníko, tàbí bí wọ́n ṣe ń fi ẹ̀kọ kọ ọnà sí i kí aró má bàa mu ibẹ̀. Ẹ jẹ láfún pẹ̀lú ẹwédú. Bí oúnjẹ bá ti wálẹ̀, ẹ forí lé adágún.

Mo fẹ́ kí ẹ fetí sílẹ̀ dáadáa síbi tí a dé yìí, nítorí omi tí à ń mu ni. Odò Ògùn, tí àwọn baba wa mọ̀ sí odò Yemọja, ti ìhà Ṣakí ṣàn wá, ó gba Abẹ́òkúta kọjá, ó sì ń lọ sínú ọ̀sà Èkó. Ọyán jẹ́ ọ̀kan lára àwọn odò tó ń dà sínú rẹ̀. Ní Àkútẹ̀, kò jìnnà sí Agége rárá, wọ́n ń fa omi láti inú Odò Ògùn lọ sí ilé iṣẹ́ omi Ìjú àti ti Àdìyàn. Ti Ìjú ni Gómìnà Àgbà Lugard ṣí ní 1915. Ti Àdìyàn ni wọ́n kọ́ kó lè máa pèsè mílíọ̀nù 70 gálọ́ọ̀nù lójúmọ́. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, odò á fà. Kí omi má bàa tán lẹ́nu páìpù ni ìjọba fi dí Ọyán ní 1983, nígbà ayé Ààrẹ Shehu Shagari, kí wọ́n lè tọ́jú omi òjò pa mọ́, kí wọ́n sì máa tú u sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀ fún Abẹ́òkúta àti Èkó.

Ògiri tí wọ́n fi dí odò náà gùn ju kìlómítà kan lọ, ó sì ga ní nǹkan bí 30 mítà. Ilẹ̀kùn irin ńlá mẹ́rin ló wà lára rẹ̀ tí omi ń gbà jáde nígbà òjò. Adágún tó wà lẹ́yìn rẹ̀ tẹ́ tó 4,000 hẹ́kítà. Bí ẹ bá fẹ́ mọ bí omi náà ṣe pọ̀ tó, ẹ ro táǹkì oníke tó ń gba 1,000 lítà, irú èyí tó wà lẹ́yìn ilé ọ̀pọ̀ wa: mílíọ̀nù 270 irú rẹ̀ ni adágún Ọyán lè gbà. Ẹ ó dúró lórí ògiri, ẹ ó rí omi tó lọ salalu títí ojú kò fi ní tó o mọ́, pẹ̀lú ọkọ̀ àwọn apẹja lórí rẹ̀, àti orí igi gbígbẹ tó yọ síta níbi tí ó ti jẹ́ igbó rí. Àwọn abúlé kan wà níbẹ̀ kí omi tó gba ilẹ̀ wọn. Wọ́n kó àwọn èèyàn wọn lọ sí ibòmíràn. Ó yẹ kí àwa tí à ń mu omi náà mọ̀ pé àwọn kan fi ilé bàbá wọn sílẹ̀ nítorí rẹ̀.

Ohun kan tún wà tí òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ gbọ́dọ̀ mọ̀. Wọ́n gbé ẹ̀rọ amúnáwá mẹ́ta síbẹ̀ ní 1983, tí gbogbo wọn lè mú mẹgawáàtì 9 wá. Ọ̀pọ̀ ọdún kọjá tí wọn kò lò wọ́n. Ẹni tó ń gbọ́ ariwo jẹnẹrétọ̀ láti àárọ̀ dalẹ́ ní Ọbá Àkrán yóò mọ ohun tí mò ń sọ.

Ìjọba àpapọ̀ ló ni adágún Ọyán, lábẹ́ àjọ tó ń bójú tó odò Ògùn àti Ọ̀ṣun. Ẹ kọ lẹ́tà sí wọn ṣáájú, kí ẹ gba àṣẹ, kí òṣìṣẹ́ wọn lè mú yín yíká. Mo sì ń bẹ̀ yín, ẹ má ṣe jẹ́ kí ọmọ kankan ki ẹsẹ̀ bọ omi náà. Láti ìgbà tí wọ́n ti dí odò yẹn ni àìsàn àtọ̀sí ajá ti ń yọ àwọn abúlé etí adágún lẹ́nu, pàápàá àwọn ọmọdé. Kòkòrò tó ń fà á ń gbé nínú ìgbín kéékèèké inú omi. Bó bá jáde nínú ìgbín, yóò gba awọ ara wọlé, kò dìgbà tí èèyàn bá ní egbò. Nígbà tó bá yá, ẹ̀jẹ̀ yóò máa jáde nínú ìtọ̀. Òògùn rẹ̀ wà, praziquantel ni wọ́n ń pè é. Bí ẹnì kan bá ti wọ inú omi náà, ẹ mú un lọ sí ilé ìwòsàn, kí ẹ sọ fún dókítà ibi tó ti wẹ̀. Bí ẹ bá sì fẹ́ wọ ọkọ̀ ojú omi, olúkúlùkù ni kó wọ ẹ̀wù amúniléfòó, àgbà àti ọmọdé.

Fún ẹ̀yin tí ẹsẹ̀ yín lágbára, tí ẹ sì fẹ́ òkè àti adágún pọ̀ lójú kan, Adó-Àwáyè wà. Ẹ̀bá Ìṣẹ́yìn ni, ní Òkè-Ògùn, lójú ọ̀nà Abẹ́òkúta sí Ìṣẹ́yìn. Àtẹ̀gùn tó gùn dáadáa lẹ ó gùn, lórí òkè náà lẹ ó sì ti bá adágún Ìyákẹ́, omi tó wà lórí àpáta. Ẹ má fi Olúmọ tàbí Ọyán kún ìyẹn lọ́jọ́ kan náà. Ọjọ́ tirẹ̀ ló gbà lọ́tọ̀, ìdájí hàì sì lẹ gbọ́dọ̀ gbéra.

Ìgbà wo ló dára jù? Láti November sí February, òjò ti dá, àpáta kò yọ̀. Ṣùgbọ́n bí ọyẹ́ bá mú, kùrukùru á bo ojú ọ̀run, ẹ kò ní rí ọ̀nà jíjìn. November ni mo máa ń sọ fún èèyàn, nígbà tí adágún ṣì kún, tí ọyẹ́ kò tíì dé. Ẹ wọ bàtà tó dì mọ́ ẹsẹ̀, ẹ gbé omi mímu lọ́wọ́, ẹ dé fìlà nítorí oòrùn, kí ẹ sì kó ọ̀rá àti ike yín padà wálé. Ẹ rí i pé ẹ ti kúrò létí adágún kó tó di aago mẹ́rin, kí ilẹ̀ má bàa ṣú yín sọ́nà.

Ọ̀rọ̀ owó ńkọ́? Èèyàn kan ṣoṣo kò lè dá ṣátà bọ́ọ̀sì láìrò ó lẹ́ẹ̀mejì. Àmọ́ kò sí ilé iṣẹ́ tí kò ní ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ tàbí àwọn tó ń dá àjọ ní àgbègbè wa yìí. A ń dá owó fún ìsìnkú, a ń dá a fún ìkómọ, a ń dá a fún ankò. Bí èèyàn 14 bá dá díẹ̀díẹ̀ fún oṣù mẹ́fà, owó ọkọ̀, owó ìwọlé àti owó oúnjẹ yóò pé láìni ẹnikẹ́ni lára. Mo rọ ẹ̀yin olórí ẹgbẹ́, ẹ gbé e kalẹ̀ ní ìpàdé tó ń bọ̀. Ẹ̀yin olùkọ́ àti ẹgbẹ́ òbí, ẹ mú ọ̀rọ̀ náà lọ sí ilé ẹ̀kọ́.

Èrè rẹ̀ ju ìgbádùn ọjọ́ kan lọ. Lọ́dọọdún, nígbà òjò, ẹ ń gbọ́ ọ lórí rédíò pé àwọn alákòóso Ọyán fẹ́ tú omi sílẹ̀, kí àwọn ará Ìṣẹrì, Àkútẹ̀, Kẹ́tu, Máìlì 12 àti Ajégúnlẹ̀ ọ̀nà Ìkòròdú múra. Ọ̀pọ̀ èèyàn ń gbọ́ ọ bí ọ̀rọ̀ ìlú mìíràn, títí omi yóò fi wọlé. Ẹni tó ti dúró lórí ògiri náà, tó ti fojú rí ilẹ̀kùn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin àti omi tó wà lẹ́yìn wọn, kò ní í fi irú ìkìlọ̀ bẹ́ẹ̀ ṣeré. Yóò pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó ń gbé ní Ìṣẹrì lórí fóònù lọ́jọ́ náà gan-an, pé kó kó ẹrù kúrò nílẹ̀. Bí páìpù bá sì gbẹ, tàbí bí iná bá lọ, yóò mọ ọ̀rọ̀ tó yẹ kó bi ìjọba, yóò sì mọ ẹni tó yẹ kó bi.

Ẹ bẹ̀rẹ̀ ètò náà lọ́sẹ̀ yìí.